Ẹ̀yin tẹ́ ẹ fẹ́ gun Kilimanjaro, ẹ má ṣe báyìí o

Ohun tó ń lé ọ̀pọ̀ èèyàn padà lórí Kilimanjaro ní Tàǹsáníà kì í ṣe àìlágbára, ìkánjú ni. Wọ́n á ní owó gígun òkè yìí ti pọ̀ jù, ẹ jẹ́ ká yáa fi ọjọ́ márùn-ún gùn ún ká máa lọ, géńdé tó ń lọ jíìmù lójoojúmọ́ náà á wá máa bì lójú ọ̀nà. Mítà 5,895 ni òkè yẹn, òun ló ga jù ní gbogbo Áfíríkà, afẹ́fẹ́ ibẹ̀ ò sì pọ̀ tó tilẹ̀, ó dìgbà tó bá mọ́ ara lára. Ẹ mú ọjọ́ méje tàbí mẹ́jọ jàre. Ọ̀nà Lemosho àti Machame dáa torí ẹ máa gun Lava Tower, nǹkan bíi mítà 4,600, lọ́sàn-án, kẹ́ ẹ tó sọ̀ kalẹ̀ lọ sùn ní ibùdó Barranco tí ò tó mítà 4,000, ìyẹn á jẹ́ kí afẹ́fẹ́ òkè tètè mọ́ yín lára. Tí gáìdì bá ní "pole pole", ìyẹn "ẹ rọra" lédè Swahili, ẹ rìn bí alágẹmọ.

Ẹ má fi orí fífọ́ pamọ́ fún gáìdì o! Tẹ́ni tẹ́ ẹ jọ ń lọ bá ń ta gọ̀ọ́gọ̀ọ́, tàbí tó jókòó síbẹ̀ tí èémí ẹ̀ ò já gaara, ìsàlẹ̀ ni kẹ́ ẹ gbé e gbà lójú ẹsẹ̀, òru ni o, ọ̀sán ni o, kó má sọ pé òun ti náwó.

Jíìnsì ńkọ́? Ẹ fi sílé, tó bá ti tutù kì í tètè gbẹ. Òru ni wọ́n máa ń kúrò ní ibùdó Barafu lọ sókè pátápátá, omi inú rọ́bà tẹ́ ẹ fi ń fà á mu á dì gbagidi, torí náà ẹ gbé ike omi, kẹ́ ẹ dojú ẹ̀ délẹ̀ nínú báàgì torí apá òkè ló kọ́kọ́ máa ń dì. Fóònù, ẹ fi sábẹ́ aṣọ, òtútù ń jẹ bátìrì. Ẹ̀yin tó ń ti Nàìjíríà lọ, ẹ mú yẹ́lò káàdì, ìyẹn káàdì abẹ́rẹ́ àjẹsára ibà pọ́njú, dání ṣá.

Ẹ má sì fojú kéré àwọn òkè yòókù. Meru ga tó mítà 4,566, ẹfọ̀n wà níbẹ̀, ìdí nìyẹn tí ọlọ́pàá igbó tó gbébọn fi ń tẹ̀ lé èèyàn. Ol Doinyo Lengai ní tiẹ̀ ṣì ń yọná, ó bú gbàù lọ́dún 2007. Òru ni wọ́n ń gùn ún torí oòrùn, ẹ má sún mọ́ etí ihò ẹ̀ tìtorí sẹ́lífì.