Bí A Ṣe Ń Ka Ìwé Oúnjẹ Rọ́ṣíà Láti Fi Mọ Ìtàn Ibẹ̀

Ọ̀pọ̀ wa ló jẹ́ pé torí ọbẹ̀ tá a fẹ́ sè la ṣe ń ṣí ìwé oúnjẹ. Ìyẹn náà dára. Àmọ́ ìwé oúnjẹ ilẹ̀ Rọ́ṣíà tún wúlò fún nǹkan mìíràn: ó máa ń fi irú èèyàn tí àwọn aláṣẹ fẹ́ kí ará ìlú jẹ́ hàn, ó sì máa ń tú àṣírí ohun tí wọn ò fẹ́ ká mọ̀. Ìwé mẹ́ta ni mo fẹ́ kẹ́ ẹ fi bẹ̀rẹ̀. Mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló wà lédè Gẹ̀ẹ́sì, nítorí náà ẹni tí kò gbọ́ èdè Rọ́ṣíà kò ní àwáwí.

Ẹ wo ọdún kẹ́ ẹ tó wo ohun èlò

Ẹ wá ọdún tí wọ́n kọ́kọ́ tẹ ìwé náà, kẹ́ ẹ sì bi ara yín léèrè pé kí ló ń ṣẹlẹ̀ nílùú nígbà yẹn. Ìwé Elena Molokhovets, tí àkọlé rẹ̀ ń jẹ́ Ẹ̀bùn fún Àwọn Ọ̀dọ́ Ìyàwó Ilé, jáde ní 1861. Ọdún yẹn gan-an ni Tsar Alexander Kejì fòpin sí ètò tó so àwọn àgbẹ̀ mọ́ ilẹ̀ olówó wọn bí ẹrú. Àwọn ilé tó ti ń rí ọmọọ̀dọ̀ lò láìsanwó wá bẹ̀rẹ̀ sí í ka kọ́bọ̀. Abájọ tí àkọlé ìwé náà kò fi tán síbi tí mo kọ sókè yẹn: ó ṣì ń bá a lọ láti ṣèlérí ọ̀nà tí ìnáwó ilé á fi dín kù.

Títúmọ̀ tí Joyce Toomre ṣe ní 1992 ni kẹ́ ẹ wá; Classic Russian Cooking ni wọ́n pè é. Àwọn àtẹ̀jáde ìkẹyìn ìwé Molokhovets ní oúnjẹ tó lé ní 4,000, díẹ̀ nínú wọn ni Toomre ṣà jọ. Ẹ má fo ọ̀rọ̀ ìṣáájú rẹ̀. Ó gùn, àmọ́ ibẹ̀ lẹ máa ti mọ bí ààrò Rọ́ṣíà ṣe rí, àti ìdí tí oúnjẹ wọn fi ń pẹ́ lórí iná jẹ́jẹ́.

Ẹ wá ẹni tó ń ṣiṣẹ́

Ẹ mú pẹ́ńsù dání. Níbi gbogbo tí Molokhovets bá ti ní kí wọ́n bó nǹkan, kí wọ́n gún un, kí wọ́n sọ̀ kalẹ̀ lọ sínú yàrá yìnyín, ẹ bèèrè pé ta ló ń ṣe é. Kì í ṣe obìnrin tí ìwé wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ń kàwé fún alásè ni. Ìwé náà tiẹ̀ ní oúnjẹ ọmọọ̀dọ̀ lọ́tọ̀, tí kò bá ti ọ̀gá dọ́gba rárá. Lẹ́yìn ìyípadà ìjọba ní 1917, ojú ìwé olówó làwọn aláṣẹ tuntun fi wò ó, kò sì yani lẹ́nu.

Ẹ lọ tààrà síbi oúnjẹ ààwẹ̀

Ibí yìí ni mo fẹ́ràn jù. Ìjọ Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì ti Rọ́ṣíà ní ọjọ́ ààwẹ̀ tó ń lọ sí nǹkan bí 200 lọ́dún: ọjọ́rú, ọjọ́ ẹtì, ọ̀sẹ̀ púpọ̀ ṣáájú Àjíǹde, àtàwọn mìíràn. Ẹran, wàrà, ẹyin àti bọ́tà di èèwọ̀. Àṣà yìí ti wà tipẹ́. Domostroi, ìwé ìlànà ilé ti ọ̀rúndún kẹrìndínlógún, pín oúnjẹ ọjọ́ ààwẹ̀ sọ́tọ̀ kúrò lára ti ọjọ́ ẹran. Òun ló fà á tí oúnjẹ ibẹ̀ fi kún fún olú, ẹja, kábéèjì kíkan àti òróró tí wọ́n fún lára kóró irúgbìn. Molokhovets fún ààwẹ̀ láyè tirẹ̀ nínú ìwé.

Ẹ wá ṣí ìwé kejì, Ìwé Oúnjẹ Aládùn àti Oúnjẹ Aṣaralóore, tí ìjọba Sófíẹ́tì, ìyẹn àwọn tó gba àkóso lẹ́yìn 1917, gbé jáde ní 1939. Ẹ wá ààwẹ̀ níbẹ̀. Ẹ ò ní rí i. Fítámì àti kálórì ló gba ipò rẹ̀, dókítà ló ń sọ ohun tó yẹ ní jíjẹ dípò àlùfáà. Lẹ́yìn náà, láwọn ọdún 1970 sókè, àwọn ilé oúnjẹ ìjọba ní ọjọ́ ẹja, ọjọ́bọ̀ ni wọ́n sì fi sí. Wọn ò fi sí ọjọ́rú, wọn ò fi sí ọjọ́ ẹtì.

Ẹ fi àwòrán wé ọjà

Anastas Mikoyan, mínísítà tó ń bójú tó iṣẹ́ oúnjẹ, ló wà lẹ́yìn ìwé 1939 yìí. Ó ti lọ sí Amẹ́ríkà ní 1936, ó rí ilé iṣẹ́ oúnjẹ inú agolo, áísíkiriìmù àti hámúbọ́gà, ó sì fẹ́ kí wọ́n ṣe irú wọn nílẹ̀ Sófíẹ́tì. Ẹ wo àwọn àwòrán náà dáadáa: tábìlì tó kún fún ẹja olówó ńlá, wáìnì, èso. Kẹ́ ẹ sì rántí pé ìyàn ọdún 1932 sí 1933 ti pa àìmọye mílíọ̀nù èèyàn, pàápàá ní Yukréìn àti Kàsàkístánì. Ẹni tó ra ìwé yìí ń tò fún búrẹ́dì. Ìlérí ni ìwé náà, ẹ má kà á bí ẹni ń ka ohun tí àwọn èèyàn ń jẹ.

Bẹ́ ẹ bá lè rí àtẹ̀jáde ju ọ̀kan lọ, ẹ gbé wọn sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn. Ọ̀rọ̀ Stalin, olórí ilẹ̀ Sófíẹ́tì, wà nínú ti 1952. Ó kú ní 1953, nígbà tó sì yá, ọ̀rọ̀ rẹ̀ pòórá nínú àwọn àtẹ̀jáde tó tẹ̀ lé e. Ọ̀pọ̀ ọbẹ̀ ò yí padà.

Ẹ tẹ̀ lé oúnjẹ kan ṣoṣo

Sàláàdì Olivier ni kẹ́ ẹ mú. Láwọn ọdún 1860, Lucien Olivier ń sè ní ilé oúnjẹ Hermitage ní Moscow, ibi táwọn olówó ń lọ. Nínú àwọn àkọsílẹ̀ àtijọ́ nípa sàláàdì rẹ̀, ẹyẹ igbó àti edé odò wà níbẹ̀. Nígbà Sófíẹ́tì, adìẹ tàbí sọ́séèjì bíbọ̀ rọ́pò ẹyẹ igbó. Kárọ́ọ̀tì, ẹyin àti pòtétò wà nínú rẹ̀, pẹ̀lú gíríìn píìsì inú agolo àti máyónéèsì inú ìgò. Agolo yẹn àti ìgò yẹn, iṣẹ́ ilé iṣẹ́ tí Mikoyan ń sáré kọ́ ni. Síbẹ̀ àwọn èèyàn sọ ọ́ di oúnjẹ ọdún tuntun tiwọn. Ẹni tó bá rí agolo píìsì rà á tọ́jú ẹ̀ di oṣù Kejìlá.

Ẹ bèèrè pé ti ta ni

Kì í ṣe gbogbo ohun tí wọ́n pè ní oúnjẹ Rọ́ṣíà ló jẹ́ ti Rọ́ṣíà. Plov, ìrẹsì tí wọ́n fi ẹran sè, wá láti Àárín Gbùngbùn Éṣíà; kharcho, ọbẹ̀ ẹran, jẹ́ ti Jọ́jíà. Ìwé Sófíẹ́tì kó gbogbo wọn sínú ìkòkò kan. Ti borscht, ọbẹ̀ bíítì pupa, ló le jù: lọ́jọ́ kìíní oṣù Keje 2022, oṣù díẹ̀ lẹ́yìn tí Rọ́ṣíà kógun wọ Yukréìn, UNESCO fi àṣà síse borscht ti Yukréìn sára àwọn àṣà tó nílò ìdáàbòbò ní kíákíá. Bẹ́ ẹ bá ní bàbá tàbí ẹ̀gbọ́n tó kàwé ní Yunifásítì Patrice Lumumba ní Moscow, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1960, ẹ bi wọ́n ohun tí wọ́n ń jẹ ní stolovaya, ilé oúnjẹ àwọn akẹ́kọ̀ọ́. Wọ́n á sọ̀rọ̀ títí ilẹ̀ á fi ṣú.

Ẹ fi ìwé kẹta parí rẹ̀

Mastering the Art of Soviet Cooking, tí Anya von Bremzen kọ ní 2013, ni. Ìyá rẹ̀ gbé e kúrò ní Moscow lọ sí Amẹ́ríkà ní 1974, ìwé náà sì jẹ́ ìtàn ìdílé wọn láti ọdún mẹ́wàá kan dé èkejì, tí ọdún mẹ́wàá kọ̀ọ̀kan ní oúnjẹ tirẹ̀ lẹ́yìn ìwé. Tẹ́ ẹ bá dé ọ̀dọ̀ àwọn ọdún 1940, ẹ ò ní rí ohun tẹ́ ẹ máa sè. Káàdì tí wọ́n fi ń pín oúnjẹ nígbà ogun ló wà níbẹ̀. Ní Leningrad tí àwọn Jámánì dó tì, búrẹ́dì gíráàmù 125 ni ọ̀pọ̀ èèyàn ń gbà lóòjọ́ ní ìparí 1941.

Ẹ wá dáná

Shchi ọjọ́ ààwẹ̀, ìyẹn ọbẹ̀ kábéèjì, ni kẹ́ ẹ sè, torí pé ohun èlò rẹ̀ kò ṣòro rí. Ẹ rẹ ẹ̀kúnwọ́ olú gbígbẹ sínú omi gbígbóná fún wákàtí kan. Ẹ din àlùbọ́sà kan àti kárọ́ọ̀tì kan nínú òróró díẹ̀, ẹ rẹ́ ìdajì kábéèjì sí i, ẹ da olú àti omi rẹ̀ lé e, ẹ bu omi kún un, kí ó hó jẹ́jẹ́ fún ogójì ìṣẹ́jú. Iyọ̀ nìkan ti tó. Bẹ́ ẹ bá fẹ́ kó jọ ti ayé Domostroi, ẹ má fi pòtétò sí i: 1765 ni ìjọba Catherine Kejì ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í rọ àwọn àgbẹ̀ láti gbìn ín, títí wọ ọdún 1840 ni àwọn mìíràn sì fi ń jà pé àwọn ò gbìn ín.