Bí mo ṣe kó àwo rọ́ọ̀kì bàbá mi sórí fílásì fúnra mi

₦35,000 ni mo san fún bọ̀ọ̀dá kan tó ní òun máa bá mi kó àwo orin bàbá mi sórí fílásì. Ohun tó gbé wá kò ṣe é gbọ́. Àwo ńlá tó yẹ kó máa yí ní ìgbà 33 ní ìṣẹ́jú kan, eré 45 ló fi yí i! Ìlù Laolu Akins, onílù ẹgbẹ́ rọ́ọ̀kì BLO, ń sáré bí ẹni tí ajá ń lé. Mo bi í, ó ní bí orin àtijọ́ ṣe máa ń rí nìyẹn. Inú bí mi, mo lọ yá ẹ̀rọ àwo.

Síso wáyà mọ́ láptọ́ọ̀pù kò le rárá. Ariwo ló fẹ́ pa mí: hùùùn, lábẹ́ gbogbo orin. Mo nu abẹ́rẹ́, ó ń pariwo. Mo pààrọ̀ wáyà, ó ń pariwo. Mo de wáyà tẹ́ẹ́rẹ́ tó yọ lẹ́yìn ẹ̀rọ mọ́ amúpilifáyà, ó dínkù, kò lọ. Mo ní jẹnẹrétọ̀ ni, mo pa á, mo dúró de NẸ́PÀ títí ilẹ̀ fi ṣú. Iná dé, hùùùn náà dé. Oníṣẹ́-iná kan ní àfi kí n ra amúpilifáyà tuntun. N kò rà á. Ṣájà láptọ́ọ̀pù ni! Mo yọ ọ́, bátìrì gbé e, ariwo dákẹ́ wáí.

Mo wá gbọ́ àwọn àwo náà ní ọdún-ọdún, orí mi wú. Laolu àti Berkley Jones, onígìtá BLO, ti wà nínú ẹgbẹ́ olórin Clusters, tí wọ́n ń pè ní Beatles Nàìjíríà ṣáájú ogun abẹ́lé. Ogun parí ní 1970. Nígbà tó di 1973, BLO gbé Chapter One jáde: gìtá ń ké, ìlù ilé wa wà nídìí rẹ̀. Ọdún yẹn náà ni ẹgbẹ́ Ofege, ọmọ iléèwé St. Gregory's l'Ékòó, ṣe tiwọn. Owó epo dé, dísíkò gbòde; nínú Bulky Backside tí BLO ṣe ní 1980, gìtá yẹn ti rọlẹ̀, ijó ló kù. Ká ní iṣẹ́ ọkùnrin yẹn ni mo gbà, ti 1973 àti ti 1980 ì bá jọ máa sáré, ta ni ì bá gbọ́ ìyàtọ̀?

Tí ẹ bá fẹ́ gbéṣẹ́ fún ẹnikẹ́ni, ẹ gba orin kan ṣoṣo ná, kí ẹ gbọ́ ọ tán kí ẹ tó sanwó. Ẹ kọ ọdún síwájú orúkọ orin kọ̀ọ̀kan, kí wọ́n lè máa tẹ̀lé ara wọn.