Ẹran Màlúù àti Búrókólì: Dídín Oúnjẹ Ṣáínà ti Amẹ́ríkà Nílé

Àwọn ará Guangdong, ní gúúsù Ṣáínà, tó ṣí wá sí California láti nǹkan bí ọdún 1850 ló gbé irú ìdáná yìí dé Amẹ́ríkà. Ewébẹ̀ gai lan, búrókólì ti Ṣáínà, ni wọ́n ń lò nílé wọn. Búrókólì ló wá gbapò rẹ̀.

Ẹ gé gbogbo nǹkan sílẹ̀ kí ẹ tó dáná, torí tí agbada bá ti gbóná, kò sí àyè láti máa wá ááyù kiri.

Fún ènìyàn 4, ìdajì kílò ẹran tí kò lọ́ràá tó. Ẹ fi sí fìrísà fún 30 ìṣẹ́jú kó gan díẹ̀, ọ̀bẹ á lè gé e fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́. Ẹ wo ibi tí okùn ẹran dorí kọ, kí ẹ gé e ní ìdábùú. Ẹni tó bá gé e tẹ̀lé okùn, eyín rẹ̀ ni yóò jìyà. Ẹ fi ṣíbí ìmùkọ kan sọ́ọ̀sì sóyà, kan kọ́nfúláwà àti òróró díẹ̀ pò ó, ó di 20 ìṣẹ́jú. Kọ́nfúláwà ló ń bo ẹran lára tí kì í fi í gbẹ.

Ọbẹ̀ rẹ̀: ṣíbí ìmùkọ 2 sóyà, 2 oyster sauce (sọ́ọ̀sì dúdú tó ki), ṣíbí tíì kan ṣúgà, 2 kọ́nfúláwà, ìdajì kọ́ọ̀bù omi. Ẹ má fi iyọ̀ sí i rárá. Ti inú sóyà ti tó, kódà ó pọ̀ fún ẹni tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń ru. Ilé oúnjẹ máa ń da ṣúgà sí i jù ní tèmi.

Búrókólì: ìṣẹ́jú kan péré nínú omi híhó, kí ẹ sẹ́ ẹ, kó gbẹ dáadáa.

Ẹ jẹ́ kí òróró gbóná títí èéfín fẹ́ẹ́rẹ́ yóò fi máa rú. Ìdajì ẹran ni kí ẹ kọ́kọ́ tẹ́ sí i. Ẹ má rò ó fún ìṣẹ́jú kan, kí abẹ́ rẹ̀ pọ́n. Bí ẹ bá kó gbogbo rẹ̀ sí i lẹ́ẹ̀kan, omi á sun jáde, ẹran á wá máa hó nínú omi náà. Ẹ tẹ́tí sílẹ̀: bí ariwo ṣàà yẹn bá ti dákẹ́, agbada ti tutù nìyẹn. Ẹ kó o kúrò, ẹ din ìyókù.

Ááyù àti atalẹ̀ kò gbọdọ̀ pẹ́ lórí iná kí wọ́n má baà jó. Kíá ni búrókólì tẹ̀ lé e. Ẹ ro ọbẹ̀ yẹn pọ̀, torí kọ́nfúláwà ti lọ sí ìsàlẹ̀, kí ẹ dà á sí i, kí ẹran padà. Bó bá ti ki, tó ń dán, ẹ sọ̀ ọ́ kalẹ̀, ẹ bù ú sórí ìrẹsì.

Ẹ fi ọṣẹ fọ pátákó tí ẹ gé ẹran tútù lé kí ẹ̀fọ́ tó kàn án. Èyí tó bá ṣẹ́kù, kó wọ fíríìjì kó tó pé wákàtí 2.