Bí Ẹ Ṣe Máa Kọ́ Macaron Faransé Tó Ní Adùn Kòríà Tẹ́ Ẹ Bá Lọ sí Seoul

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń lọ sí Seoul, tẹ́ ẹ sì fẹ́ yọ wákàtí méjì mẹ́ta sọ́tọ̀ láti fi ọwọ́ ara yín ṣe ìpápánu àwọn Faransé tí àwọn ará Kòríà ti sọ di tiwọn, macaron ni mo ní kẹ́ ẹ lọ kọ́. Kì í ṣe makaróònì tí à ń sè jẹ o. Kúkísì kékeré roboto méjì tí wọ́n fi funfun ẹyin, súgà àti àlímọ́ńdì lílọ̀ ṣe, tí wọ́n wá fi kíríìmù lẹ̀ pọ̀, òun ni mò ń sọ. Ti Kòríà ni wọ́n ń pè ní ttungcarong, kíríìmù inú ẹ̀ máa ń nípọn gan-an, wọ́n sì máa ń fi konggaru sí i, ìyẹn ẹ̀wà sóyà tí wọ́n yan tí wọ́n lọ̀ kúnná, tàbí heugimja, ìyẹn yamọtí dúdú. Croissant náà wà lóòótọ́, àmọ́ ẹni tó bá ní òun á kọ́ yín ní croissant láàárín wákàtí méjì, ó ti po ìyẹ̀fun yẹn sílẹ̀ kẹ́ ẹ tó dé ni. Madeleine, kéèkì kékeré àwọn Faransé, ẹ̀wẹ̀ rọrùn débi pé ẹ lè kọ́ ọ nínú ilé yín.

Wíwá kíláàsì ò le. Ẹ lọ sórí Naver, ìkànnì táwọn ará Kòríà fi ń wá nǹkan, tàbí Instagram, kẹ́ ẹ kọ 원데이 클래스, ìyẹn kíláàsì ọlọ́jọ́ kan, síbẹ̀, ẹ ó rí wọn lọ́pọ̀ yanturu. Agbègbè Yeonnam-dong nítòsí Hongdae kún fún àwọn ilé ìdáná kéékèèké tí wọ́n ti ń kọ́ èèyàn mẹ́ta mẹ́rin lẹ́ẹ̀kan, irú ẹ̀ ni mo fẹ́ràn jù. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ rí ibi táwọn Faransé fúnra wọn ń gbé, ẹ gba Seorae Maeul lọ ní agbègbè Seocho, ibẹ̀ ni ilé ìwé Faransé kó lọ ní 1985. Le Cordon Bleu, ilé ìwé ìdáná àwọn Faransé, náà wà ní Yunifásítì Sookmyung láti 2002, àmọ́ ẹni tó fẹ́ fi í ṣiṣẹ́ jẹ ló yẹ kó lọ síbẹ̀, kì í ṣe ẹni tó ń rìnrìn àjò ọ̀sẹ̀ kan.

Kẹ́ ẹ tó sanwó, ẹ bi wọ́n bóyá olúkúlùkù ló ní abọ́ tiẹ̀. Tí wọ́n bá ní èèyàn méjì ló ń pín abọ́ kan, ẹ wá ibòmíì, torí ẹnì kan péré nínú ẹ̀yin méjèèjì ló máa kọ́ nǹkan gidi. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń lo páásípọ́ọ̀tù Nàìjíríà, ẹ rí i pé físà ti jáde kẹ́ ẹ tó san kọ́bọ̀.

Ẹ má mú ọjọ́ tẹ́ ẹ bá ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, oorun á máa gbé yín lọ. Ẹ má sì mú ọjọ́ tẹ́ ẹ máa wọ bàálù, torí macaron kì í dùn lọ́jọ́ tí wọ́n ṣe é, ó gbọ́dọ̀ sùn nínú fíríìjì mọ́jú kí kíríìmù tó wọ inú èèpo ẹ̀, ìyẹn kúkísì méjèèjì, kó sì rọ̀. Torí ẹ̀ ni mo ṣe ń sọ fún gbogbo ẹni tó bá bi mí pé kó gba hòtẹ́ẹ̀lì tó ní fíríìjì. Àsìkò òjò wọn, láti ìparí oṣù kẹfà sí ìparí oṣù keje, ọ̀rinrin máa ń pọ̀ gan-an, èèpo yẹn ò ní tètè gbẹ. Oṣù kẹwàá lọ sókè ló dáa.

Lọ́jọ́ kíláàsì, ẹ di irun yín, ẹ yọ èékánná àtẹ̀mọ́, ẹ wọ aṣọ alápá kúkúrú. Naver Map ni kẹ́ ẹ fi wá ọ̀nà, Google Maps ò mọ àwọn kọ̀rọ̀ ibẹ̀ tó o. Ẹni tí sóyà, àlímọ́ńdì, ẹ̀pà, ẹyin tàbí yamọtí bá lòdì sí lára, kó ti sọ ọ́ látìgbà tó bá ń gba àyè. Ẹ tẹrí ba kí olùkọ́, seonsaengnim ni kẹ́ ẹ máa pè é, ẹ má pe orúkọ ẹ̀ gàn-ùn, ọwọ́ méjèèjì sì ni kẹ́ ẹ fi máa gba nǹkan lọ́wọ́ ẹ̀. Ọmọ Yorùbá ò nílò àlàyé lórí ìyẹn.

Òṣùwọ̀n tí mo fọwọ́ sí rèé, tí ti olùkọ́ ò bá jìnnà sí i, ọkàn yín balẹ̀: àlímọ́ńdì lílọ̀ gíráàmù 100, áísìn súgà 100, funfun ẹyin 75, súgà oníhóró 75. Ẹ wọn ẹyin náà lórí ìwọ̀n, ẹ má kà á ní oókan, ẹyin ò dọ́gba. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ konggaru nínú èèpo, ẹ yọ gíráàmù 5 sí 10 nínú àlímọ́ńdì yẹn kẹ́ ẹ fi konggaru dípò ẹ̀. Heugimja ní tiẹ̀ ní òróró púpọ̀, òróró ló sì máa ń pa fóòmù ẹyin, torí náà gíráàmù 5 ti tó, ẹ tọ́jú ìyókù fún kíríìmù. Ẹ po àlímọ́ńdì àti áísìn súgà pọ̀, òun ni ìyẹ̀fun wa, kẹ́ ẹ jọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀mejì. Ẹ fi fínígà nu abọ́, kẹ́ ẹ wá po funfun ẹyin, kẹ́ ẹ máa da súgà sí i díẹ̀díẹ̀ títí tí ṣónṣó ẹ̀ á fi dúró gbọnrangandan.

Ó wá ku pípa fóòmù yẹn pọ̀ mọ́ ìyẹ̀fun, èyí tí àwọn Faransé ń pè ní macaronage. Ibi tí mo ti ń rí i tí wọ́n ń bà á jẹ́ nìyí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fara balẹ̀ kà á. Ọwọ́ tẹ́ ẹ fi ń po àkàrà ò wúlò níbí. Àkàrà, ẹ̀ ń lù ú kí afẹ́fẹ́ wọlé, ṣùgbọ́n èyí, afẹ́fẹ́ ti pọ̀ jù nínú ẹ̀, ẹ̀ ń lé díẹ̀ jáde ni, díẹ̀ ni mo wí o, kì í ṣe gbogbo ẹ̀. Tó bá kù síbẹ̀ púpọ̀, orí macaron á rí gbágungbàgun, á sì sán nínú ófùn. Tẹ́ ẹ bá lé e jáde tán, á tẹ́ pẹrẹsẹ, kò ní ní ẹsẹ̀, ìyẹn etí wúruwùru tó máa ń yọ nísàlẹ̀ ẹ̀, kò sì sí oògùn ẹ̀ mọ́, ẹ ò lè dá afẹ́fẹ́ padà.

Spatula onírọ́bà ni kẹ́ ẹ lò, ẹ má gba ṣíbí onígi, igi máa ń fa òróró mu. Ẹ da ìdajì ìyẹ̀fun sí i, ẹ gba etí abọ́ yí po, ẹ wá gbé e láti ìsàlẹ̀ wá sókè, tí ìyẹ̀fun gbígbẹ ò bá hàn mọ́ kẹ́ ẹ da ìyókù sí i. Lẹ́yìn ìyẹn ẹ bẹ̀rẹ̀ sí í fi ẹ̀yìn spatula tẹ̀ ẹ́ mọ́ ara abọ́, ẹ tẹ̀ ẹ́, ẹ kó o jọ, ẹ tún tẹ̀ ẹ́. Ẹ má ka iye ìgbà, àwọn tó ń sọ pé àádọ́ta ìgbà ni wọ́n ń po ó ń ṣi yín lọ́nà, torí fóòmù tòní ò rí bíi tàná. Ojú ni kẹ́ ẹ fi wò ó. Á kọ́kọ́ le, á tún dákú dànù lọ́wọ́ yín, á wá bẹ̀rẹ̀ sí í dán. Bó bá ti ń dán báyìí, ẹ po ó lẹ́ẹ̀mejì kẹ́ ẹ gbé spatula sókè, ẹ tún po ó lẹ́ẹ̀mejì kẹ́ ẹ tún gbé e. Ó gbọ́dọ̀ máa wálẹ̀ bíi ríbọ́ọ̀nù láìjá, kẹ́ ẹ lè fi kọ 8, kí ìlà yẹn sì rì wọ inú abọ́ láàárín ìṣẹ́jú àáyá 20 sí 30.

Èmi, bí ìlà yẹn bá ti ń rì ní ìṣẹ́jú àáyá 30 ni mo máa ń dáwọ́ dúró, mi ò kì í po ó débi tó máa rì ní 20, torí tẹ́ ẹ bá ń dà á sínú báàgì tẹ́ ẹ sì ń fún un jáde, ẹ ṣì ń po ó lọ ni. Àwọn tó mọ̀ pé ó tó nínú abọ́ tí wọ́n tún fi ọwọ́ kan sí i kó lè dán dáadáa, àwọn ni tiwọn máa ń ṣàn kọjá ìlà lórí bébà. Ẹ má ya fídíò ní àsìkò yìí, ẹ má bá ọ̀rẹ́ yín tàkúrọ̀sọ. Tí olùkọ́ bá sì nawọ́ pé kẹ́ ẹ gbé e wá kóun bá yín parí ẹ̀, torí àánú ni, àmọ́ ẹ rọra bẹ̀ ẹ́ pé kó máa wo ọwọ́ yín kó sọ ìgbà tẹ́ ẹ máa dúró. Ìyẹn lẹ sanwó fún.

Ìyókù ò le. Ẹ fún un jáde, ẹ gbá àwo mọ́ tábìlì kí afẹ́fẹ́ jáde, ẹ jẹ́ kó gbẹ fún ọgbọ̀n ìṣẹ́jú sí wákàtí kan títí tí kò fi ní lẹ̀ mọ́ ìka, ẹ yan án ní 150°C fún bíi ìṣẹ́jú 14.

Tó bá kan kíríìmù, ẹ fi iyọ̀ díẹ̀ sínú bọ́tà àti konggaru yẹn, ó ń dín adùn súgà ẹ̀ kù. Àwọn kan á fẹ́ fi injeolmi sáàárín ẹ̀, ìyẹn àkàrà ìrẹsì tó máa ń fà. Ó dùn, àmọ́ ìrẹsì máa ń le nínú fíríìjì, ẹ sọ fún wọn pé kí wọ́n di injeolmi yẹn lọ́tọ̀ fún yín, kẹ́ ẹ fi sí i nígbà tẹ́ ẹ bá fẹ́ jẹ ẹ́.

Èyí tẹ́ ẹ máa gbé lọlé, ẹ má fi kíríìmù sí i. Ẹ to èèpo yẹn lásán sínú agolo líle tẹ́ ẹ rà ní ṣọ́ọ̀bù Daiso, kẹ́ ẹ fi bébà sáàárín wọn. Konggaru tó wà nínú ọ̀rá tí wọ́n lẹ̀ pa, ọjà Bangsan ní Seoul ni kẹ́ ẹ ti rà á, ibẹ̀ náà lẹ ó ti rí báàgì kíríìmù àti páálí ìpápánu. Tí tiyín bá tán nílé, ẹ yan ẹ̀wà sóyà títí á fi pọ́n, ẹ bó èèpo ẹ̀, ẹ lọ̀ ọ́, ẹ jọ̀ ọ́, iṣẹ́ kan náà ló máa ṣe. Fún àlímọ́ńdì tó wọ́n, kajú tí wọn ò yan ni mo máa ń sọ fún wọn pé kí wọ́n lọ̀, àmọ́ ẹ má jẹ́ kí ẹ̀rọ lọ̀ ọ́ pẹ́ jù kí òróró ẹ̀ má baà jáde.