Coral bells: bẹ́ ẹ ṣe máa gbìn ín tí kò ní jẹrà

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń gbé Maryland ní Amẹ́ríkà níbí, tí iwájú ilé yín ní ibòji débi pé òdòdó kankan ò gbà láti dúró síbẹ̀, coral bells lẹ ń wá. Heuchera ni wọ́n ń kọ sára àmì ẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù. Ọmọ ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni, ewé ẹ̀ làwọn èèyàn sì ń rà, òdòdó kàn jẹ́ èènì ni. Elésè àlùkò wà, aláwọ̀ ọsàn wà, aláwọ̀ ewé tó ní ìlà pupa wà. Tó bá jẹ́ pé ooru ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ló ń bà yín lẹ́rù, ẹ wá èyí tó bá tan mọ́ irú ẹ̀ tí wọ́n ń pè ní villosa, ewé ẹ̀ máa ń ní irun wẹ́wẹ́, ó fara da ooru àti ọ̀rinrin ju àwọn yòókù lọ.

Ìgbà méjì lẹ lè gbìn ín. Àkọ́kọ́ ni ìparí April wọ May, tí ìrì dídì bá ti lọ tán. Ìkejì ni September, kó lè rí bí ọ̀sẹ̀ mẹ́fà fi ta gbòǹgbò kí ilẹ̀ tó dì. September lèmi máa ń gbin tèmi torí ìgbà yẹn ni ṣọ́ọ̀bù ń dá owó ẹ̀ sí méjì, ewé ẹ̀ á ti rí jákujàku lóòótọ́ ṣùgbọ́n ẹ fọwọ́ tẹ àárín ẹ̀ wò, tó bá le, ẹ gbé e, tó bá rọ̀ bí ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó ti bàjẹ́, ẹ fi sílẹ̀ fún wọn. Ní July, ẹ má dán an wò.

Ibi tí oòrùn àárọ̀ ti ń kàn án tí ibòji sì ń dé lọ́sàn-án ló fẹ́. Àwọn tí àwọ̀ ewé wọn ò dúdú, oòrùn ọ̀sán á jó wọn gbẹ ni.

Ilẹ̀ wa níbí, amọ̀ ló pọ̀ jù. Ẹ gbẹ́ ihò, ẹ da omi bọ́kẹ́ẹ̀tì kan sí i, tí omi bá ṣì wà níbẹ̀ lẹ́yìn wákàtí mélòó kan, a jẹ́ pé ẹ máa ní láti gbé ilẹ̀ yẹn sókè díẹ̀ bí ebè. Ẹ má kàn da kọ́mpọ́sítì, ìyẹn ajílẹ̀ èèpo àti ewé tó ti jẹrà, sínú ihò nìkan o, inú amọ̀ ihò yẹn á dà bí abọ́ tó ń gba omi dúró, gbogbo ojú ilẹ̀ yẹn ni kẹ́ ẹ pò ó mọ́. Èmi kì í ra kọ́mpọ́sítì, èèpo iṣu àti èèpo ọ̀gẹ̀dẹ̀ ni mo ń kó jọ sínú dúrọ́ọ̀mù kan lẹ́yìn ilé, fatiláísà ò sì wọ ọgbà mi rí.

Ó wá kan ibi tí wọ́n ti ń bà á jẹ́. Ẹ wo ibi tí gbogbo ewé ti pàdé gbòǹgbò, ọrùn ẹ̀ nìyẹn. Ọrùn yẹn ò gbọdọ̀ wọlẹ̀. Àwa tá a ti gbin iṣu rí, ọwọ́ wa kì í gbọ́, a fẹ́ máa bo nǹkan mọ́lẹ̀ ṣáá. Ẹ̀gbọ́n wa obìnrin kan gbin méjìlá lẹ́ẹ̀kan náà, wọ́n rì wọ́n mọ́lẹ̀ dáadáa, wọ́n tún wá kó èèpo igi lé wọn lórí bí òkìtì, kí June tó dé gbogbo ẹ̀ ti jẹrà, wọ́n ní ṣọ́ọ̀bù ló ta ayédèrú fáwọn. Ayédèrú kọ́, omi ló dúró sọ́rùn ẹ̀.

Bí mo ṣe ń ṣe é rèé: mo máa gbé igi ìgbálẹ̀ dábùú ẹnu ihò, ọrùn ẹ̀ gbọ́dọ̀ bá igi yẹn dọ́gba, tàbí kó yọ sókè tíńtín, torí iyẹ̀pẹ̀ á ṣì rọlẹ̀ tẹ́ ẹ bá bomi rin ín. Kẹ́ ẹ tó gbé e sínú ihò, ẹ fọwọ́ tú gbòǹgbò tó ti ká kiri inú ike. Ẹ fi íńṣì 12 sí 18 sáàárín wọn. Èèpo igi lè wà láyìíká, ṣùgbọ́n kó jìnnà sọ́rùn ẹ̀ tó ìka méjì.

Ó wá ku ìgbà òtútù. Ilẹ̀ á dì, á yọ́, á tún dì, á wá máa ti gbòǹgbò jáde, torí kì í wọlẹ̀ jìnnà. Ní February, ẹ yípo ọgbà, èyí tẹ́ ẹ bá rí tó ti ń yọ jáde, ẹ fi àtẹ́lẹwọ́ tẹ̀ ẹ́ padà. Lẹ́yìn ọdún mẹ́ta, ọrùn ẹ̀ á ga bí igi, ewé á wà lókè nìkan. Ẹ hú u, ẹ pín in, kẹ́ ẹ gbin igi ọrùn yẹn wọlẹ̀ kó kù díẹ̀ kéwé kanlẹ̀. Èyí ló ń da àwọn èèyàn láàmú, tó bá ti ga báyẹn ni igi ẹ̀ lè wọlẹ̀, síbẹ̀ ibi téwé ti ń yọ ò gbọdọ̀ sí nínú ilẹ̀.

Ẹ má gé ewé ẹ̀ kí òtútù tó dé o, ẹ jẹ́ kó di March.

Ẹ̀yin ará London tẹ́ ẹ ń gbìn ín sínú ike, tó bá kàn ń rọ láìnídìí, ẹ rọra fà á. Tó bá tú sí yín lọ́wọ́ láìní gbòǹgbò, ìdin funfun kòkòrò tí wọ́n ń pè ní vine weevil ló ti jẹ ẹ́ nísàlẹ̀. Ẹ da iyẹ̀pẹ̀ yẹn nù pátápátá, ẹ fọ ike, kẹ́ ẹ sì ti ìsàlẹ̀ ọrùn tó kù bọ inú iyẹ̀pẹ̀ tuntun, kí ibi téwé ti ń yọ ṣì wà lókè, ó ṣì lè ta gbòǹgbò.