Ajá yín kò kórìíra àgò: àṣìṣe tí ẹ̀ ń ṣe

Láàárín oṣù yìí nìkan, èèyàn mẹ́ta ló ti pè mí ní Adó-Èkìtì níbí pé ajá àwọn kórìíra àgò irin tí wọ́n ń tì í mọ́, kí n bá àwọn wá ẹni tí yóò ra àgò náà. Ajá àdàlù ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ọmọ Boerboel (irú ajá ńlá kan láti South Africa) tó gun ajá ìbílẹ̀, irú èyí tó lè wọn kílò 40 tó bá dàgbà tán. Ọ̀rọ̀ yìí ń dùn mí, nítorí owó ń ṣòfò, ajá náà sì ń jìyà.

1. Ẹ̀ ń jẹ́ kí wẹ́dà jó àgò tó kéré. Wẹ́dà á wọn ọmọ ajá oṣù 3, á jó irin bá a mu, kí ọdún tó yí po ẹ tún ti padà sọ́dọ̀ rẹ̀. Ajá gbọ́dọ̀ lè dìde kí orí rẹ̀ má kan òkè, kó lè yíra po, kó sì lè na ẹsẹ̀ gbalaja. Ẹ jó èyí tí yóò gbà á lágbà, kí ẹ fi pákó dínà apá kan nígbà tó ṣì kéré. Tí àyè bá pọ̀ jù, ọmọ ajá á yàgbẹ́ sí igun kan, á sì lọ sùn sí ìkejì.

2. Ẹ̀ ń gbé e sábẹ́ páànù. Ajá kì í làágùn bíi tiwa. Ahọ́n tó ń yọ síta, tó ń mí hẹlẹhẹlẹ, ló fi ń lé ooru. Nínú oṣù Kejì àti Ìkẹta, abẹ́ igi máńgòrò tàbí ọ̀dẹ̀dẹ̀ tí atẹ́gùn ń fẹ́ sí ni kẹ́ ẹ gbé e sí, pẹ̀lú omi.

3. Ẹ bọ́ ìdè ọrùn rẹ̀ kó tó wọlé. Ó lè há sáàárín irin, kó fún un lọ́rùn pa.

Èyí tó ń bí mi nínú jù ni títi ìlẹ̀kùn mọ́ ajá lọ́jọ́ tí àgò dé. Èmi náà ti ṣe é rí. Mo ti akọ ajá mi kan wọlé, mo fi kọ́kọ́rọ́ há a, mo gba Ìkéré lọ. Nígbà tí mo dé nírọ̀lẹ́, ẹ̀jẹ̀ wà lára irin, eyín rẹ̀ kan ti kán, ọ̀dà dúdú tí wẹ́dà fi kun àgò ti bó, ó lẹ̀ mọ́ ètè rẹ̀. Ó wò mí, kò ju ìrù. Oṣù méjì gbáko ni kò fi sún mọ́ àgò náà.

Ẹ fi okùn so ìlẹ̀kùn ní ṣíṣí, kó má gbá a lójijì. Ẹ tẹ́ ògbólógbòó ìró sínú rẹ̀. Abọ́ oúnjẹ á kọ́kọ́ wà lẹ́nu ọ̀nà, lọ́jọ́ kejì ẹ ti abọ́ náà wọlé díẹ̀, títí yóò fi kan ẹ̀yìn. Ẹ máa ju panla wẹ́wẹ́ sínú rẹ̀ lọ́sàn-án, kó máa wọlé fúnra rẹ̀. Tó bá ti ń jẹun níbẹ̀ láìbẹ̀rù, ẹ ti ìlẹ̀kùn, ẹ ṣí i kó tó jẹun tán. Lẹ́yìn náà ìṣẹ́jú 1, ìṣẹ́jú 5, ìṣẹ́jú 10, kẹ́ ẹ tó rìn kúrò lójú rẹ̀. Tó bá ń gbọ̀n, tó ń dà itọ́, ẹ ti yára jù, ẹ padà sẹ́yìn.

Ẹ má fi àgò jẹ ẹ́ níyà láé. Ẹ má sì jẹ́ kí àwọn ọmọdé máa fi igi gún un láti ìta.

Ọmọ ajá oṣù 3 kò lè mú ìtọ̀ mọ́ra ju bíi wákàtí 3 lọ lọ́sàn-án. Tí ẹ bá ń lọ ṣíṣẹ́ láti àárọ̀ di alẹ́, ẹ wá ẹni tí yóò máa tú u sílẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ ti fipá tì í, ẹ má tíì ta àgò yín. Ẹ yọ ìlẹ̀kùn rẹ̀ kúrò pátápátá fún ọ̀sẹ̀ méjì, ẹ gbé abọ́ oúnjẹ sẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, kí ẹ sì jókòó síbi tó jìnnà díẹ̀.