Bẹ́líìtì àfọwọ́rán fún gbígbé kọ́bọ́ọ̀dù àti fìríìjì: ibi tó ti ń tú, àti bí a ṣe ń tún un ṣe

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Bẹ́líìtì ìjókòó mọ́tò ni télọ̀ rán ojú (ihò tí apá ń wọ̀) sí lórí méjèèjì fún wa, ká lè máa tì í bọ abẹ́ kọ́bọ́ọ̀dù, ká fi apá wọ ojú rẹ̀ gbé e. Ìgbà kejì tí a gbé e, òwú bẹ̀rẹ̀ sí í já lọ́kọ̀ọ̀kan, bẹ́ẹ̀ nǹkan kan ò ṣe bẹ́líìtì fúnra rẹ̀. Kí ló fà á?

Ìdáhùn: Bó ṣe máa ń rí nìyẹn. Bẹ́líìtì kì í sábà já láàárín. Ibi tí wọ́n ti rán an pọ̀ ló ń tú. Bó bá jẹ́ òwú ìránṣọ lásán ni, tí wọ́n sì fi rán ìlà kan ṣoṣo ní ìbú, ìlà yẹn nìkan ló ń gbé gbogbo ẹrù. Òwú kan á já, èyí tó tẹ̀ lé e á gbé tirẹ̀ mọ́ ti èyí tó já, ni yóò bá máa tú lọ bí ẹnu àpò sìmẹ́ǹtì.

Ẹ tú gbogbo rẹ̀. Ẹ ṣẹ́ orí bẹ́líìtì padà ní 40 sẹ̀ǹtímítà: 25 á di ojú tí apá máa wọ̀, 15 á lé ara wọn fún rírán. Lórí 15 yẹn, ẹ fi òwú rán ìlà yíká bí àpótí tó fẹ̀ ní 4 sẹ̀ǹtímítà, tó gùn ní 12, kí ẹ sì fa ìlà méjì láti igun dé igun nínú rẹ̀. Ẹ gba orí gbogbo rẹ̀ lẹ́ẹ̀kejì. Lẹ́yìn náà, ẹ fi sígísáàgì (ìrán tó ń lọ síbí sọ́hùn-ún) tó sún mọ́ra rán etí àpótí tó kọjú sí ojú bẹ́líìtì, torí ibẹ̀ ni títú ti ń bẹ̀rẹ̀.

Òwú pólíẹ́sítà tó nípọn ni kí ẹ lò, irú èyí tí àwọn tó ń rán ìjókòó mọ́tò ń lò, lókè àti nínú bọ́bìn (ibi tí òwú ìsàlẹ̀ máṣìnnì wà). Àwọn kan á fi òwú líle sókè, wọ́n á fi tẹ́ẹ́rẹ́ sí bọ́bìn; ti ìsàlẹ̀ yẹn ló máa já. Abẹ́rẹ́ nọ́ńbà 18 ló yẹ, kí ìṣísẹ̀ rẹ̀ (àlàfo láti ihò abẹ́rẹ́ kan dé èkejì) jẹ́ mìlímítà 3 sí 4. Bó bá kéré jù, ihò á pọ̀ jù, bẹ́líìtì á sì máa ya lójú ihò. Òwú funfun lórí bẹ́líìtì dúdú ló dáa jù: èyíkéyìí tó bá já, ẹ ó tètè rí i.

Ẹ tún wò ó bóyá ojú náà há mọ́ apá. Bó bá há, ẹsẹ̀ ojú náà méjèèjì á là gbàgàdà, á máa bó ibi tí ẹ rán láti ẹnu. Òwú lè fara da fífà. Bíbó ni kò lè fara dà.

Ìbéèrè: Mi ò ní máṣìnnì. Ṣé mi ò lè ta kókó ni?

Ìdáhùn: Ẹ lè ta á, àmọ́ kókó ń jẹ nǹkan bí ìdajì agbára bẹ́líìtì. Ẹ ṣẹ́ orí rẹ̀ po sí méjì, kí ẹ fi ìpo náà ta kókó kan, kó tẹ́ pẹlẹbẹ láìlọ́. Ìrù rẹ̀ (orí tó ṣẹ́kù lẹ́yìn kókó) kò gbọ́dọ̀ kúrú ju 15 sẹ̀ǹtímítà lọ. Ẹ máa wò ó kí ẹ tó gbé ẹrù nígbàkígbà, torí ìrù náà ń wọ inú kókó díẹ̀díẹ̀.

Ìbéèrè: Tiwa gùn débi pé a dìde tán, kọ́bọ́ọ̀dù ò kúrò nílẹ̀.

Ìdáhùn: Ìnàró ni ẹ ti wọ̀n ọ́n. Ẹ tẹ orúnkún, ẹ ká ìgbọ̀nwọ́ sí ẹ̀gbẹ́, kí ẹnì kan wọn láti ìgbọ̀nwọ́ yín dé ilẹ̀. Ká ní ó jẹ́ 75 sẹ̀ǹtímítà, tí kọ́bọ́ọ̀dù sì fẹ̀ ní 120: 120 àti 75 lọ́nà méjì jẹ́ 270. Ẹ fi 80 kún un fún orí méjèèjì tí ẹ máa ṣẹ́, ó di 350. Irú rẹ̀ méjì ni ẹ máa gé, kí ẹ fi iná yọ́ ẹnu rẹ̀ kó má baà tú. Ojú rẹ̀ á jókòó nítòsí ìgbọ̀nwọ́. Ẹ má ṣe ká a mọ́ ọrùn ọwọ́ láéláé, torí bí ẹrù bá ń ṣubú, ó yẹ kí apá lè yọ kíá.

Ìbéèrè: Ti àwa kì í já, àmọ́ ẹrù ń jó sókè sódò bí a bá ń rìn.

Ìdáhùn: Náílọ́ǹ nìyẹn, ó máa ń fà. Pólíẹ́sítà oní-50 mìlímítà ni kí ẹ fi rọ́pò rẹ̀. Bẹ́líìtì mọ́tò náà pólíẹ́sítà ni, àmọ́ ẹ má lo ti mọ́tò tó ti ní ìjàǹbá.

Ìbéèrè: Fìríìjì fì, okùn bẹ́líìtì kan sì yọ́ jáde lábẹ́ rẹ̀.

Ìdáhùn: Okùn méjèèjì sún mọ́ àárín jù. Bí ìsàlẹ̀ rẹ̀ bá jẹ́ 60 sẹ̀ǹtímítà láti iwájú dé ẹ̀yìn, kí okùn kọ̀ọ̀kan jìnnà sí etí ní 10 sí 12 péré. Ẹ fi àgékù tíúbù kẹ̀kẹ́ sí ibi tí okùn ti kan ìsàlẹ̀ rẹ̀, kí ẹ sì fi okùn kẹta di ìbàdí fìríìjì mọ́ àwọn okùn náà. Níbi tí irin bá ti mú, ẹ ká páálí sí i.

Ìbéèrè: Báwo la ṣe máa mọ̀ pé ó lè gbé e?

Ìdáhùn: Ẹrù 100 kílò lórí ojú mẹ́rin, 25 ló kan ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ẹ dán ojú kọ̀ọ̀kan wò pẹ̀lú ìlọ́po márùn-ún, 125 kílò. Ẹ fi ojú kan kọ́ ẹ̀ka igi tó lágbára, ẹ so kẹ́ẹ̀gì oní-lítà 25 márùn-ún tó ṣófo mọ́ èkejì, kó fi 10 sẹ̀ǹtímítà ga sílẹ̀, kí ẹ tó wá rọ omi kún wọn. Ṣáájú ìyẹn, ẹ fi bírò fa ìlà kan gba orí ìpele méjèèjì ní etí ibi tí ẹ rán. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú mẹ́wàá, ẹ wo ìlà náà. Bí kò bá ṣe déédéé mọ́, ó ti ń yọ̀. Ẹ tú u, kí ẹ tún un rán.